Àjẹ́ Ké Lánàá, Ọmọ Kú Lónìí

Òwe kan wà ní èdè Yorùbá tí ó jẹ́ pé bí àgbàlagbà bá ti pa á láàrin àwọn tí ń jíròrò, ọ̀rọ̀ ti parí nìyẹn. Àwọn àgbà ní, 'Àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí; ta ni kò mọ̀ pé àjẹ́ àná ló pa ọmọ jẹ?' Mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu ìyá tí ọmọ rẹ̀ kú. Mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu ọ̀gá ilé ìwé tí owó sọnù nínú àpótí tábìlì rẹ̀. Mo sì ti kà á nínú ìwé ìròyìn nígbà tí olóṣèlú kan kú ikú òjijì. N kò tíì rí ẹni tí ó dáhùn ìbéèrè tó wà nínú rẹ̀, nítorí pé kì í ṣe ìbéèrè rárá. 'Ta ni kò mọ̀' túmọ̀ sí pé gbogbo wa la mọ̀. Ẹni tí ó bá ní òun kò mọ̀, bóyá òmùgọ̀ ni, bóyá ó sì ń gbèjà àjẹ́.

Nígbà kan tí mo ń kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní ìlò òwe, mo ní kí wọ́n ṣàlàyé òwe yìí fún mi. Wọ́n ṣe é bí ó ti yẹ: wọ́n ní bí ohun méjì bá tẹ̀ lé ara wọn pẹ́kípẹ́kí, ọlọ́gbọ́n a máa so wọ́n pọ̀. Ọ̀dọ́mọbìnrin kan tí ó jókòó lẹ́yìn wá na ọwọ́ sókè, ó ní, 'Ẹ jọ̀ọ́ sà, bí ó bá jẹ́ pé ibà ló pa ọmọ náà ńkọ́?' Kíláàsì bú sẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín, mo sì bọ́ sórí òwe mìíràn. Ó ti pẹ́ tí ojú ti ń tì mí fún ẹ̀rín náà.

Ibi kan ni mo mọ̀ láwùjọ wa tí ó ti jẹ́ dandan kí a bi ìbéèrè ọmọbìnrin yẹn láìrẹ́rìn-ín. Ibẹ̀ ni ilé ẹjọ́.

Ẹni tí ó bá ti jókòó ní ilé ẹjọ́ pẹ́ díẹ̀ yóò ti bá irú ọjọ́ tí mò ń wí pàdé. Wọ́n mú olùjẹ́jọ́ wọlé. Ọlọ́pàá tí ó ṣèwádìí kò wá, wọ́n ti gbé e lọ sí ìpínlẹ̀ mìíràn. Ẹni tí ó kígbe pé wọ́n ja òun lólè kò yọjú mọ́. Ìwé tí wọ́n ní olùjẹ́jọ́ fi jẹ́wọ́ wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n òun ní lílù ni wọ́n fi gbà á lẹ́nu òun. Agbẹjọ́rò rẹ̀ dìde, ó ní oníbàárà òun kò ní ẹjọ́ kankan láti jẹ́. Adájọ́ yẹ àkọsílẹ̀ rẹ̀ wò, ó gba ọ̀rọ̀ náà, ó sì dá ọkùnrin náà sílẹ̀. Níta, àwọn ìbátan kan ń sunkún, àwọn ìbátan kejì ń jó, àwọn òǹwòran sì ń sọ fún ara wọn pé owó ti ṣiṣẹ́.

Ó lè jẹ́ pé owó ti ṣiṣẹ́ lóòótọ́. N kò wá ṣe alágbàwí fún gbogbo adájọ́ ilẹ̀ wa, a mọ ara wa. Ṣùgbọ́n ohun tí ó ń dùn mí ni pé, kódà níbi tí adájọ́ ti mọ́ bí omi àfòwúrọ̀pọn, ohun kan náà ni a máa ń sọ. Kò yé wa ohun tí ó ṣe, nítorí pé ohun tí a rò pé ó wá ṣe kọ́ ni ó wá ṣe.

Ẹ wo ọ̀rọ̀ náà fúnra rẹ̀. Ẹ̀rí, inú ọ̀rọ̀ ìṣe 'rí' ni ó ti jáde. Ẹlẹ́rìí ni ẹni tí ó ní ohun kan tí ó rí. Òwe àjẹ́ kò lo 'rí' níbì kankan. 'Mọ̀' ni ó lò. Bí a bá tú u wò fínnífínní, ohun méjì péré ni ẹnikẹ́ni lè jẹ́rìí sí nínú rẹ̀: pé igbe kan ta lóru, àti pé ọmọ kan kú nígbà tí ilẹ̀ mọ́. Pé àjẹ́ ló ké, kì í ṣe òwìwí, èrò ni. Pé igbe náà ló pa ọmọ, èrò ni. Àwa ni a fi 'ta ni kò mọ̀' so wọ́n pọ̀, a sì so wọ́n le tó bẹ́ẹ̀ tí a kò fi rí ojú okùn mọ́.

Òfin ilẹ̀ wa kọ̀ láti lo okùn yẹn. Ìwé Òfin Nàìjíríà ti 1999, ní abala 36, ìlà 5, ní aláìlẹ́ṣẹ̀ ni ẹnikẹ́ni tí a bá fẹ̀sùn ọ̀ràn kàn, títí a ó fi fi hàn pé ó jẹ̀bi. Òfin Ẹ̀rí ti 2011, ní abala 135, ní kí á fi hàn kọjá iyèméjì tí ó bọ́gbọ́n mu. Ní 1963, nínú ẹjọ́ Ibeziako pẹ̀lú Kọmíṣọ́nnà Ọlọ́pàá, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ fìdí ìlànà náà múlẹ̀ nípa ìgbà tí olùjẹ́jọ́ lè ní òun kò ní ẹjọ́ láti jẹ́: bí kò bá sí ẹ̀rí kankan lórí ohun tí ó sọ ẹ̀sùn náà di ọ̀ràn, tàbí bí ìbéèrè agbẹjọ́rò bá ti fọ́ ẹ̀rí tí wọ́n mú wá yángá débi pé kò sí onílàákàyè adájọ́ tí ó lè gbé ẹ̀bi lé e lórí. Òfin kan náà tún sọ pé a kò gbọdọ̀ fi dandan mú olùjẹ́jọ́ sọ̀rọ̀. Èyí ni ó ṣòro jù fún Yorùbá láti gbà. Àwa tí a gbà pé bí a bá dákẹ́, tara ẹni a bá ni dákẹ́, báwo ni a ṣe fẹ́ wo ọkùnrin tí ó jókòó tí kò fọhùn nígbà tí wọ́n ń pè é ní apànìyàn, kí a má rò pé ó ṣe é?

Ṣùgbọ́n kì í ṣe òun ni ó jẹ gbèsè ọ̀rọ̀. Ẹni tí ó pè é ní apànìyàn ni ó jẹ ẹ́. Ohun tí wọ́n gbé síwájú adájọ́ kì í ṣe 'Ǹjẹ́ ọkùnrin yìí ṣe é?' Ohun tí wọ́n gbé síwájú rẹ̀ ni 'Ǹjẹ́ àwọn tí ó ní ó ṣe é ti fi hàn?' Ìbéèrè méjì ni. Bí a kò bá yà wọ́n sọ́tọ̀, a ó máa bínú sí adájọ́ nítorí pé kò dáhùn ìbéèrè tí ẹnikẹ́ni kò bi í.

Èdè wa gan-an ti rí ìyàtọ̀ náà. A ní 'dá sílẹ̀', a sì ní 'dá láre'. Dá sílẹ̀ ni ohun tí à ń ṣe fún ẹni tí a ti dì mú, a jẹ́ kí ó máa lọ. Dá láre ju èyí lọ, a fi àre lé e lọ́wọ́, a ní òtítọ́ wà lọ́dọ̀ rẹ̀. Àwọn oníwèé ìròyìn a máa kọ ọ́ pọ̀ pé ilé ẹjọ́ dá lágbájá sílẹ̀, ó sì dá a láre. Nínú ìwé òfin, bẹ́ẹ̀ ló rí: ẹni tí adájọ́ bá dá sílẹ̀ nítorí pé kò ní ẹjọ́ láti jẹ́, a kò lè tún fi ẹ̀sùn kan náà gbé e padà wá, yàtọ̀ sí ẹni tí olùpẹ̀jọ́ fúnra rẹ̀ fa ẹjọ́ rẹ̀ sẹ́yìn kí ó tó wí tẹnu rẹ̀. Ṣùgbọ́n lójú pópó, èkíní nìkan ni àwọn ènìyàn máa ń gbà. Wọ́n gbà pé wọ́n ti dá a sílẹ̀. Ní ti àre, wọ́n á ní ó di ọwọ́ Ọlọ́run.

Ẹ jẹ́ kí a mú ẹjọ́ kan tí ó ti di ìtàn. Ní ọjọ́ 11, oṣù Kẹwàá, 1965, wọ́n dìbò sí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin Ìwọ̀-Oòrùn Nàìjíríà, ìbò tí ó kún fún màgòmágó débi pé ìlú kò rójú mọ́. Ní ọjọ́ 15, ó yẹ kí rédíò Ìbàdàn gbé ọ̀rọ̀ Olóyè Ládòkè Akíntọ́lá, Pírẹ́míà, sáfẹ́fẹ́ láti inú téèpù. Ohùn mìíràn ni àwọn ènìyàn gbọ́, ohùn tí ó ń sọ pé kí Akíntọ́lá àti àwọn tirẹ̀ gba ọ̀nà ibòmíràn lọ. Ọkùnrin kan ti gbé ìbọn wọ ilé iṣẹ́ náà, ó sì ti mú kí wọ́n pààrọ̀ téèpù. Wọ́n mú Wọlé Ṣóyínká, òǹkọ̀wé ọmọ ọdún 31, wọ́n fi ẹ̀sùn kàn án pé òun ló fi ipá jí téèpù 2 gbé lọ.

Ta ni kò mọ̀? Àwọn ọ̀tá rẹ̀ mọ̀, wọ́n sì fẹ́ kí ó rí ẹ̀wọ̀n he. Àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ mọ̀, wọ́n sì ń fi í yangàn. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé ẹnì kan ṣoṣo ni kò mọ̀ ní gbogbo Ìbàdàn, ẹni náà sì ni Kayode Eso, adájọ́ tí wọ́n gbé ẹjọ́ náà fún. Ó gbọ́ àwọn ẹlẹ́rìí lọ́kọ̀ọ̀kan, ó rí i pé ọ̀rọ̀ wọn kò bára mu lórí ẹni tí ó wọlé pẹ̀lú ìbọn. Ní oṣù Kejìlá ọdún náà, ó dá olùjẹ́jọ́ sílẹ̀. Ẹ rántí ohun tí ń lọ níta ní àkókò kan náà. Àsìkò wẹ́tìẹ ni. Wọ́n ń bu epo bẹntiróòlù lé ènìyàn lórí láàrin ọjà, wọ́n ń ṣáná sí i, ìdájọ́ tí wọ́n sì ń ṣe kò ju pé 'ta ni kò mọ̀ pé ẹgbẹ́ lágbájá ló wà'.

Ní 2006, Ṣóyínká tẹ ìwé ìrántí kan jáde, ó sì ròyìn nínú rẹ̀ bí òun ṣe wọ ilé iṣẹ́ rédíò náà. Ogójì ọdún lé kan ti kọjá. Kí ni kí á wá sọ nípa adájọ́? Mo ti gbọ́ tí àwọn kan ń fi í rẹ́rìn-ín pé ẹ ò rí nǹkan, ilé ẹjọ́ dá ẹni tí ó ṣe é sílẹ̀. Ṣùgbọ́n adájọ́ kò fìgbà kan sọ pé kò ṣe é. Nígbà tí òun náà kọ ìwé ní 1996, inú orúkọ ìwé rẹ̀ ni ó ti pe ẹni oníbọn náà ní àdììtú. Ó jọ pé kò fi ìgbà kankan ṣe bí ẹni tí ó mọ̀. Ká ní ó fi 'ta ni kò mọ̀' dẹ́bi fún un ní 1965, ìdájọ́ rẹ̀ ì bá bá òtítọ́ pàdé, ṣùgbọ́n bí afọ́jú tí ó ju òkò tí ó sì ba ẹyẹ ni. A kì í tìtorí ẹyẹ yẹn gbé ìbọn lé afọ́jú lọ́wọ́ láàrin ọjà. Ẹni tí wọn ì bá gbé wá lọ́jọ́ kejì, tí gbogbo Ìbàdàn tún mọ̀ pé òun ló ṣe é, lè jẹ́ ẹni tí kò mọ ohunkóhun.

Mo mọ̀ pé àpẹẹrẹ yìí dùn ún lò, nítorí pé púpọ̀ nínú àwọn tí yóò ka ìwé yìí ni inú wọn dùn pé wọ́n dá Ṣóyínká sílẹ̀. N óò padà sí ẹjọ́ tí kò dùn ún lò. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ kan wà tí a kò gbọdọ̀ fò.

Àwọn kan a máa wí pé àṣà òyìnbó ni gbogbo èyí, pé láyé àwọn baba wa, ọ̀daràn kì í rí ihò sá gbà. N kò gbà pẹ̀lú wọn délẹ̀. Àwọn tí ó ní 'Agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà' kò kọ́ ọ lọ́dọ̀ òyìnbó. Baálé kì í dájọ́ kí ó má pe ẹnì kejì, bí ọ̀rọ̀ bá sì lágbára jù ú lọ, a gbé e dé ọ̀dọ̀ ìjòyè, a gbé e dé ààfin. Ibi tí ọ̀nà ti pín ni ibi tí ẹ̀rí bá tán sí. Bí ẹ̀rí bá tán, adájọ́ òde òní yóò pa ìwé rẹ̀ dé. Àwọn baba wa kò jẹ́ fi àyè náà sílẹ̀ lófìfo. Wọ́n a gbé irin Ògún kalẹ̀ kí onítọ̀hún fi ahọ́n kàn án, kí ó búra. Níbòmíràn, wọ́n a fún un ní omi èèpo igi ọbọ mu. Bí ó bá bì í, ó yè. Bí kò bá bì í, ó kú, ikú rẹ̀ ni ó sì di ẹ̀rí.

Ìbúra kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀gàn, mo sì gbà pé ó ṣe ohun kan tí ilé ẹjọ́ wa kò lè ṣe. Ẹni tí ó fi ahọ́n kan irin, tí ọdún yípo tí nǹkan kan kò ṣe é, ó ti gba àre. Kò sí ẹni tí yóò tún máa wò ó lẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú. Ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ náà kò lọ sílé lọ́wọ́ òfìfo, nítorí pé ẹjọ́ rẹ̀ kò tíì parí, Ògún ló wà lọ́wọ́ rẹ̀, Ògún kì í sì í gbàgbé. Nígbà mìíràn, bí mo bá rí ẹbí tí ó ń ti ilé ẹjọ́ bọ̀ pẹ̀lú ìwé ìdájọ́ nìkan, mo máa ń ṣe ìlara àwọn tí ó ní ibi tí wọ́n lè gbé ọ̀rọ̀ wọn lọ.

Ṣùgbọ́n a kò gbọdọ̀ gbàgbé iye tí ó náni. Ọbọ kò mọ olè yàtọ̀ sí olóòótọ́. Inú ẹni tí ó tètè bì ni ó mọ̀. Ìwé òfin ọ̀ràn tí à ń lò ní gúúsù orílẹ̀-èdè yìí láti 1916 fi òfin de ìdánwò bẹ́ẹ̀ ní abala 207, ó sì ka oríṣiríṣi rẹ̀: ọbọ, ẹ̀wà olóró, òróró híhó, iná, omi, títí dé orí fífi ènìyàn fún ọ̀nì. Nígbàkígbà tí mo bá ka abala náà, ọ̀rọ̀ ọ̀nì yẹn ni ó máa ń dá mi dúró. Ẹnikẹ́ni kì í fòfin de ohun tí kò ṣẹlẹ̀ rí.

Kò sì tíì jìnnà tó bí a ti rò. Láàrin 1950 sí 1951, àwọn Alátíngà ti ilẹ̀ Gold Coast gba Dàhòmì wọ ilẹ̀ Ẹ̀gbádò, wọ́n ní àwọn wá fọ ìlú mọ́ kúrò lọ́wọ́ àjẹ́. Àwọn obìnrin, pàápàá àwọn ìyá àgbà, ni wọ́n ń nawọ́ sí. Ẹni tí ó bá ní òun kì í ṣe àjẹ́ yóò mú adìyẹ wá. Wọ́n a dú u, wọ́n a wo bí ó ṣe nà gbalaja sílẹ̀, bí adìyẹ bá sì ti kú ní ìkú tí kò wù wọ́n, ọ̀rọ̀ ìyá náà ti bàjẹ́. Wọ́n dáná sun ojúbọ, wọ́n gba owó, wọ́n dójú ti àwọn ìyá níwájú àwọn ọmọ tí wọ́n bí, kí ìjọba tó fòfin dè wọ́n ní 1951. Ní ìlú kọ̀ọ̀kan tí wọ́n dé, ọmọ ti kú lóòótọ́. Ọmọ ń kú ní ìlú gbogbo nígbà náà. Ibà ń pa wọ́n, ìgbóná ń pa wọ́n. Ohun tí kò sí ni ẹni tí yóò na ọwọ́ sókè bí akẹ́kọ̀ọ́ mi ti ṣe.

Àyè tí ẹ̀rí kò kún yìí, ìlú kì í fẹ́ kí ó ṣófo. Bí kò bá sí ọbọ, bí kò bá sí Alátíngà, táyà àti epo bẹntiróòlù wà. Ní ọjọ́ 5, oṣù Kẹwàá, 2012, ní Aluu, lẹ́gbẹ̀ẹ́ Port Harcourt, wọ́n pe àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì 4 ní olè, wọ́n lù wọ́n, wọ́n sun wọ́n. Kò sí ẹlẹ́rìí tí wọ́n pè. Ní 2017, ilé ẹjọ́ dá àwọn 3 lẹ́bi ikú wọn, ó sì dá àwọn mìíràn tí a jọ fẹ̀sùn kàn sílẹ̀, nítorí pé ẹ̀rí kò dé ọ̀dọ̀ wọn. Ó mú kí n jókòó jẹ́ẹ́ nígbà tí mo kà á. Ohun tí àwọn èrò náà kò fún àwọn ọmọ mẹ́rin yẹn, òun gan-an ni ilé ẹjọ́ fún àwọn tí wọ́n ní ó wà láàrin èrò.

Ẹ má jẹ́ kí ó jọ pé mo ní kí adájọ́ di ojú sí ohun gbogbo tí ẹnikẹ́ni kò fi ojú rí. Òfin ní tirẹ̀ náà ní 'àjẹ́ ké lánàá'. Bí a bá rí ẹnì kan kẹ́yìn pẹ̀lú ẹni tí ó kú, ilé ẹjọ́ Nàìjíríà a máa retí pé kí ó ṣàlàyé bí wọ́n ṣe pínyà. Bí ohun púpọ̀ bá péjọ tí gbogbo wọn ń tọ́ka sí ibì kan ṣoṣo, adájọ́ lè dá ni lẹ́bi láìsí ẹni tí ó fi ojú rí i. Ṣùgbọ́n ibì kan ṣoṣo ni wọ́n gbọ́dọ̀ tọ́ka sí. Bí ọ̀nà mìíràn bá ṣí sílẹ̀, bí ó ti wù kí ó tóóró tó, tí ibà lè gbà wọlé, a kò lè ní àjẹ́ ni.

Nísinsìnyí, ẹjọ́ tí kò dùn ún lò. Ó rọrùn láti yin òfin nígbà tí ó jẹ́ téèpù 2 ni ó sọnù. Ní oṣù Kejìlá, 2001, ní Ilé-Ifẹ̀, wọ́n dójú ti Olóyè Bọ́lá Ìgè ní gbangba, wọ́n ṣí fìlà lórí rẹ̀. Ní alẹ́ ọjọ́ 23 oṣù kan náà, ọjọ́ Àìkú, àwọn kan wọ ilé rẹ̀ ní Bódìjà ní Ìbàdàn, wọ́n yìnbọn pa á. Agbẹjọ́rò àgbà fún ìjọba àpapọ̀ ni, mínísítà ètò ìdájọ́ ni. Fìlà ṣí lánàá, ọkùnrin kú lónìí. Gbogbo ilẹ̀ Yorùbá pa òwe yẹn, èmi náà pa á, n kò ní purọ́. Wọ́n mú àwọn kan, wọ́n gbé wọn lọ sí ilé ẹjọ́ ní Ìbàdàn, ẹjọ́ náà sì fà títí. Nígbà tí yóò fi di 2004, ilé ẹjọ́ ti dá àwọn tí ẹ̀sùn náà kan jù lọ sílẹ̀. Títí di òní, kò sí ẹni tí a dá lẹ́bi ikú rẹ̀.

Mo bínú. Mo pe ilé ẹjọ́ ní orúkọ tí n kò lè kọ síbí. Ọdún púpọ̀ kọjá kí n tó bi ara mi léèrè ohun tí mo fẹ́ kí adájọ́ lò. Ọ̀rọ̀ fìlà ni? Ọ̀tá tí ènìyàn ní, tí a fi mọ̀ pé òun ló pa á, ta ni yóò ṣẹ́kù ní ìlú òṣèlú? Bí mo bá yin adájọ́ ti 1965 nítorí pé ó ní òun kò mọ̀, n kò lè dá ti 2004 lẹ́bi pé ohun kan náà ni ó ní. Ìlànà kan náà ni. Èmi ni mo fẹ́ kí ó máa ṣiṣẹ́ fún ẹni tí mo fẹ́ràn nìkan. Àwọn tí ilé ẹjọ́ dá sílẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ yìí, n kò ní ẹ̀tọ́ láti pè wọ́n ní apànìyàn, bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀yin tí ẹ ń kà mí kò ní i.

Ẹni tí a lè bínú sí wà, kì í kàn ṣe ẹni tí a máa ń bínú sí. Ẹ̀sùn gbèsè ni. Ẹni tí ó jẹ gbèsè yẹn nínú ẹjọ́ ọ̀ràn ni ìjọba, pẹ̀lú ọlọ́pàá rẹ̀ àti olùpẹ̀jọ́ rẹ̀. Lórílẹ̀-èdè wa, a máa ń mú ènìyàn ká tó wá ìdí tí a fi mú un. Wọn a tò wọ́n síwájú àwọn oníròyìn, wọn a kọ ẹ̀ṣẹ̀ wọn sí àyà wọn, kí ẹnikẹ́ni tó lọ wo ibi tí nǹkan ti ṣẹlẹ̀. Àwọn tí ó pọ̀ ju ìdajì lọ nínú ọgbà ẹ̀wọ̀n Nàìjíríà ni ilé ẹjọ́ kò tíì dá lẹ́bi ohunkóhun. Wọ́n ń retí ìgbẹ́jọ́ ni. Òfin tí wọ́n ṣe ní 2015 fẹ́ kí á máa ká ohùn àti àwòrán ẹni tí ó bá ń jẹ́wọ́ sílẹ̀, kí á lè mọ̀ bóyá lílù ni. Ó dára. Ṣùgbọ́n kámẹ́rà kọ́ ni yóò wá ọta ìbọn nínú koríko, kámẹ́rà kọ́ ni yóò dá ẹlẹ́rìí lójú pé wọn kò ní wá a wá sílé.

Bí ẹjọ́ bá wá túká, adájọ́ ni à ń bú. Ọlọ́pàá tí kò wá, a kò mọ orúkọ rẹ̀. Ẹni tí wọ́n fi ọdún mẹ́fà pamọ́ tí wọ́n sì wá dá sílẹ̀, kò sí ẹni tí ó bẹ̀ ẹ́. Ó ń padà bọ̀ sí àdúgbò tí ó ti mọ̀ pé òun ló ṣe é. Ẹni tí wọ́n ṣẹ̀, kò sí ẹni tí ó bẹ òun náà. Àwọn àgbà ní ìfura loògùn àgbà, mo sì gbà. Oògùn tí àgbà fi ń dáàbò bo ara rẹ̀ ni. Kí ó ti ilẹ̀kùn, kí ó má jẹ oúnjẹ lọ́dọ̀ ẹni tí kò dá a lójú. N kò gbọ́ ọ rí pé ìfura ni okùn tí a fi ń so ẹlòmíràn kọ́.

Iṣẹ́ adájọ́ wá di iṣẹ́ tí ó ṣàjèjì. Láàrin ìlú tí gbogbo ènìyàn ti mọ̀, òun nìkan ni a ń sanwó fún láti jókòó kí ó sì sọ pé, 'Èmi kò mọ̀. Ẹ fi hàn mí.' Bí wọn kò bá fi hàn án, kí ó tún un sọ níwájú ẹni tí ń sunkún, kí ó sì wọ mọ́tò rẹ̀ lọ sílé. Ó yẹ kí iṣẹ́ náà nira fún ẹni tí ó bá ní ẹ̀jẹ̀ lára.

Ìyá kan wà tí mo máa ń rántí nígbà tí mo bá ń ro ọ̀rọ̀ yìí. Aya Bọ́lá Ìgè, Àtínúkẹ́, adájọ́ ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ni òun fúnra rẹ̀. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, orí àga adájọ́ ni ó ti ń gbọ́ ẹjọ́ àwọn ẹlòmíràn, ó sì ń bèèrè ohun tí òfin ní kí ó bèèrè lọ́wọ́ wọn. Lẹ́yìn oṣù Kejìlá, 2001, ó kan òun náà láti máa retí ohun tí ilé ẹjọ́ yóò wí. Ó kú ní 2003, nígbà tí ẹjọ́ náà kò tíì parí.